'The Housemaid': Kí ló dé tí ìwé ìtàn nípa ilé tó ń pa àṣírí mọ́ fi ń dá àríyànjiyàn sílẹ̀ láàárín àwọn òǹkàwé?

Yàrá kan wà ní òkè àjà ilé olówó kan ní Long Island, nítòsí ìlú New York. Bẹ́ẹ̀dì kékeré kan ló wà nínú rẹ̀, fèrèsé rẹ̀ kò ṣeé ṣí, ìta nìkan sì ni wọ́n ti lè fi kọ́kọ́rọ́ ti ilẹ̀kùn rẹ̀.

Inú yàrá yìí ni wọ́n ní kí ọmọ ọ̀dọ̀ tuntun máa sùn.

Orí ilẹ̀kùn yàrá náà ni gbogbo ìtàn inú ìwé 'The Housemaid' dá lé. Freida McFadden, òǹkọ̀wé ọmọ Amẹ́ríkà, ló kọ ìwé náà, ọdún 2022 ló sì jáde.

Láti ìgbà náà, ìwé ọ̀hún ti di ọ̀kan lára àwọn ìwé ìtàn tí ẹnu ń kùn jù lọ lórí ayélujára. Ìwé méjì mìíràn ti tẹ̀lé e: 'The Housemaid's Secret' ní ọdún 2023, àti 'The Housemaid Is Watching' ní ọdún 2024.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 2025, fíìmù tí wọ́n fi ìtàn náà ṣe dé ilé sinimá. Paul Feig ló darí rẹ̀, Sydney Sweeney ló ṣe ọmọ ọ̀dọ̀, Amanda Seyfried ló sì ṣe ìyálé ilé.

Àmọ́ àwọn tó ti ka ìwé yìí kò fẹnu kò lórí rẹ̀ rárá. Àwọn kan ní àwọn kò lè gbé e sílẹ̀ títí ilẹ̀ fi mọ́. Àwọn mìíràn ní ìtàn náà kò lè ṣẹlẹ̀ láyé. Àwọn kan yọ̀ nígbà tí wọ́n dé òpin rẹ̀, ara àwọn mìíràn sì bù máṣọ.

Kí ló wà nínú ìwé yìí tó ń fa irú àríyànjiyàn bẹ́ẹ̀? Kí ló sì kan àwọn òǹkàwé ní Nàìjíríà, Ghana àti Benin, níbi tí ọmọ ọ̀dọ̀ wà nínú ọ̀pọ̀ ilé?

Ẹ jẹ́ ká tètè kì yín nílọ̀: àròkọ yìí máa tú àṣírí inú ìwé náà. Bí ẹ kò bá tíì kà á, tí ẹ kò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni ba adùn rẹ̀ jẹ́ fún yín, ẹ kọ́kọ́ lọ kà á ná.

Ta ni Freida McFadden?

Freida McFadden kọ́ ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Orúkọ tó ń fi kọ̀wé ni. Dókítà ìṣègùn ni, àwọn tí ọpọlọ wọn fara pa ló sì ń tọ́jú.

Ọdún 2013 ló bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ ìwé jáde fúnra rẹ̀. 'The Housemaid' ni ìwé tó sọ ọ́ di ìlú-mọ̀ọ́ká. Ilé iṣẹ́ Bookouture ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tó gbajúmọ̀ fún ìwé orí ẹ̀rọ, ló kọ́kọ́ gbé e jáde.

Irú ìtàn tó ń kọ kì í ṣe ìtàn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ bí èyí tí àwọn tó ń ka Yorùbá mọ̀ láti inú ìwé Kọ́lá Akínlàdé tàbí Ọládẹ̀jọ Òkédìjí. Nínú ìtàn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́, ìwà ọ̀daràn kan ti ṣẹlẹ̀, ẹnìkan sì ń wá ẹni tó hù ú kiri. Òǹkàwé máa ń tẹ̀ lé ẹni náà, bó ti ń tọpasẹ̀ ni òun náà ń tọpasẹ̀.

Nínú irú ìtàn ti McFadden, kò sí ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kankan tó ń tọ́ni sọ́nà. Inú ọkàn ẹnìkan ni òǹkàwé wà, ohun tí ẹni yẹn bá rí nìkan ló ń rí, ohun tí ẹ̀rù rẹ̀ bá ń bà á ni ẹ̀rù rẹ̀ ń ba òun náà. Òǹkàwé fúnra rẹ̀ ni adájọ́, kò sì sí ẹni tó máa sọ fún un pé ó ti ṣi ẹjọ́ dá, àfi ìgbà tí ìtàn bá yí bìrí.

Kí ló ṣẹlẹ̀ nínú ilé Winchester?

Millie ni orúkọ ọmọ ọ̀dọ̀ náà. Ó ti lo ọdún mẹ́wàá lẹ́wọ̀n, inú ọkọ̀ rẹ̀ ló sì ń sùn nígbà tí Nina Winchester gbà á síṣẹ́. Kò sí ẹlòmíràn tó fẹ́ gbà á, nítorí náà kò lè yan iṣẹ́ tó wù ú.

Ilé náà rẹwà. Andrew, ọkọ Nina, rẹwà, ó lówó, ó sì tutù lẹ́nu. Nina ní tirẹ̀ kò ṣe é bá gbé. Lónìí ó máa rẹ́rìn-ín sí Millie, lọ́la ó máa tú gbogbo ilé ìdáná ká, tí yóò ní Millie ló da ìwé òun nù. Ó máa rán an níṣẹ́, ó sì máa sọ pé òun kò rán an.

Àwọn obìnrin àdúgbò máa ń sọ ọ́ lábẹ́lẹ̀ pé Nina ti gbé ilé ìwòsàn àwọn alárùn ọpọlọ rí, pé ó fẹ́ pa ọmọ rẹ̀ obìnrin sínú omi ìwẹ̀. Ẹni kan ṣoṣo tó gbìyànjú láti kìlọ̀ fún Millie ni Enzo, ará Italy tó ń tọ́jú ọgbà wọn. Ọ̀rọ̀ kan lédè rẹ̀, tó túmọ̀ sí ewu, ló ń sọ fún un.

Díẹ̀díẹ̀, àánú Andrew bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe Millie, ó sì ń ṣe òǹkàwé náà. Nígbà tó yá, ọ̀rọ̀ di ìfẹ́ láàárín ọmọ ọ̀dọ̀ àti baálé ilé. Andrew lé Nina jáde, Millie sì gba ipò rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni Andrew ti Millie mọ́ inú yàrá òkè àjà, nítorí pé ó ka ìwé tán, kò dá a padà sí àyè rẹ̀.

Ibí yìí ni ìtàn ti yí. Nina wá gba ọ̀rọ̀ sọ. Ó ṣàlàyé pé òun ni wọ́n kọ́kọ́ tì mọ́ inú yàrá yẹn, nígbà tí òun jẹ́ kí ìdí irun òun hù jáde ní àwọ̀ mìíràn lábẹ́ àwọ̀ tí òun fi pa á. Ọgọ́rùn-ún fọ́nrán irun ni Andrew ní kó fà tu kó tó ṣílẹ̀kùn fún un. Andrew náà ló fi oògùn kun un lórun, tó ṣètò ọ̀rọ̀ ọmọ àti omi ìwẹ̀, kí gbogbo ayé lè gbà pé orí ìyàwó òun ti dàrú.

Nina gba Millie síṣẹ́ kí ọkọ rẹ̀ lè rí ẹlòmíràn dì mú, kí òun àti ọmọ òun lè ráyè sá. Gbogbo ìwà wèrè tó ń hù, ó mọ̀ọ́mọ̀ ń hù ú ni, kí Andrew lè lé e.

Ṣùgbọ́n ó tún mọ ìdí tí Millie fi ṣẹ̀wọ̀n: ó pa ọkùnrin kan tó ń fipá bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ lò pọ̀. Ó mọ̀ pé Millie kì í ṣe ẹni tí ìyà máa jẹ gbé. Ó sì fi ata tí wọ́n ń fín sójú ọ̀tá sílẹ̀ fún un nínú yàrá náà. Millie fín in sí Andrew lójú, ó jáde, ó sì ti ọkùnrin náà mọ́ ibẹ̀. Andrew kò jáde láàyè.

Ibo ni àwọn òǹkàwé ti pín sí?

Àwọn tó fẹ́ràn ìwé náà sábà máa ń mẹ́nu ba bó ṣe ń sáré. Orí rẹ̀ kúrú, òpin orí kọ̀ọ̀kan sì ní ohun kan tó ń fa èèyàn wọ inú èyí tó tẹ̀ lé e. Ọ̀pọ̀ ni kò fọwọ́ kan ìwé láti ọjọ́ pípẹ́, tí wọ́n ní èyí ló dá àwọn padà sídìí ìwé kíkà.

Àwọn tí kò fẹ́ràn rẹ̀ náà ní ẹjọ́ tiwọn. Àkọ́kọ́ ni pé èdè inú rẹ̀ rọrùn jù, bí ẹni ń tàkúrọ̀sọ. Ìkejì ni pé àwọn ìṣẹ̀lẹ̀ kan ṣòro láti gbà gbọ́. Báwo ni obìnrin ṣe máa rí ilẹ̀kùn tó jẹ́ ìta ni wọ́n ti ń tì í, tó rí ojú ibi tí èékánná ti họ igi rẹ̀ nínú, tí kò sì ní sá?

Àwọn mìíràn ní àwọn ti ka ohun tó jọ ọ́ rí. Wọ́n sábà máa ń dárúkọ 'The Last Mrs. Parrish', ìwé Liv Constantine tó jáde ní ọdún 2017, níbi tí obìnrin kan ti ń dọ́gbọ́n gba ọkọ olówó lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀, láì mọ irú ọkùnrin tó jẹ́ nínú ilé. Wọ́n tún máa ń dárúkọ 'Behind Closed Doors', tí B.A. Paris kọ ní ọdún 2016, tí òun náà dá lé ọkọ dáadáa lóde, ìkà nínú ilé.

Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ tó ń múnú bí àwọn òǹkàwé sí ara wọn jù lọ kò sí lórí èdè tàbí ìjọra. Orí ìdájọ́ ló wà. Ṣé Millie kò ṣẹ̀ nígbà tó bá ọkọ ọ̀gá rẹ̀ lò pọ̀? Ṣé ó tọ́ kí Nina fi ẹlòmíràn dípò ara rẹ̀ lọ́wọ́ ìkà? Ṣé ó yẹ kéèyàn yọ̀ nígbà tí Andrew ń kú?

Fún ìbéèrè tó kan ilẹ̀kùn, àwọn tó ń gbèjà ìwé náà ní ìdáhùn kan tó lágbára: Millie kò níbi tó máa lọ. Ẹni tó ti ẹ̀wọ̀n dé, tó ń sùn nínú ọkọ̀, tí kò sì gbọ́dọ̀ pàdánù iṣẹ́, kò lè ka irú ilẹ̀kùn tí wọ́n fún un sí. Ohun tí ẹni tó nílé lórí fi ń pe ọmọdébìnrin náà ní òpè ni ẹni tí kò nílé ń pè ní àìrówóná.

Báwo ni ìwé náà ṣe ń ṣi òǹkàwé lọ́nà?

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Àṣírí ọgbọ́n tí McFadden dá kò ju òwe yìí lọ.

Ní ìdajì àkọ́kọ́ ìwé náà, ẹnu Millie nìkan ni a ti ń gbọ́ ìtàn. Millie kò purọ́ fún wa. Gbogbo ohun tó ní Nina ṣe, Nina ṣe é lóòótọ́. Ohun tí kò mọ̀ ni ìdí rẹ̀, òǹkàwé kò sì béèrè.

Kí ló dé tí kò fi béèrè? Nítorí pé gbogbo ohun tó yí i ká ti bá a dá ẹjọ́ tán. Ilé mọ́ tónítóní, ọkọ tutù, ìyàwó ń pariwo, aládùúgbò ní aya náà kò gbádùn. Ẹni tó ń pariwo ni ojú máa ń wò bí ẹlẹ́bi, ẹni tó dákẹ́ ni wọ́n máa ń káàánú.

Ìdí rẹ̀ nìyí tí ọ̀pọ̀ òǹkàwé fi máa ń bínú sí ara wọn, kì í ṣe sí òǹkọ̀wé, nígbà tí wọ́n bá dé ibi tí Nina ti bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀. Wọ́n ti pe obìnrin tí wọ́n ń fìyà jẹ ní wèrè fún ọ̀pọ̀ ojú ìwé. Ohun tí àwọn obìnrin àdúgbò ṣe sí Nina ni àwọn náà ti ṣe sí i.

Bí ìwà ipá abẹ́lé ṣe máa ń fara pamọ́ gan-an nìyí. Ẹni tó ń hù ú kì í fi ojú ìkà han ará ìta. Ẹni tí wọ́n ń hù ú sí ló máa ń dà bí ẹni tí ara rẹ̀ kò balẹ̀, tó ń gbàgbé nǹkan, tó ń sunkún láìnídìí. Tó bá wá sọ̀rọ̀, ìrísí rẹ̀ nìkan ti tó kí wọ́n má gbà á gbọ́.

Ilé tó ní yàrá àṣírí kò bẹ̀rẹ̀ lónìí

Ọjọ́ ti pẹ́ tí àwọn òǹkọ̀wé ti ń fi yàrá tí a tì pa sọ irú ọ̀rọ̀ yìí. Ní ọdún 1847, Charlotte Brontë gbé 'Jane Eyre' jáde ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Jane ń kọ́ ọmọ ní ilé ńlá kan tí wọ́n ń pè ní Thornfield, ó sì ń gbọ́ ẹ̀rín tó ṣàjèjì láti òkè ilé. Ìgbà tó fẹ́ ṣègbéyàwó pẹ̀lú baálé ilé ló tó mọ̀ pé ìyàwó rẹ̀ ni wọ́n tì mọ́ òkè náà. Bertha lorúkọ rẹ̀, ọmọ Jamaica ni, wèrè ni wọ́n sì pè é.

Bertha kò sọ ọ̀rọ̀ kankan fúnra rẹ̀ nínú ìwé náà. Ó di ọdún 1966 kí Jean Rhys, tí wọ́n bí ní erékùṣù Dominica, tó kọ 'Wide Sargasso Sea', tó fi jẹ́ kí aya tí wọ́n tì mọ́lé náà sọ tẹnu rẹ̀. Ohun tó gba ọgọ́rùn-ún ọdún ó lé láàárín ìwé méjì yìí, àárín ìwé kan ṣoṣo ni McFadden ti ṣe é: wèrè òkè àjà sọ̀rọ̀, ìtàn sì yí padà.

Ìtàn mìíràn tó sún mọ́ ọn ni eré 'Gas Light' tí Patrick Hamilton kọ ní ọdún 1938, tí wọ́n sì fi ṣe fíìmù ní Amẹ́ríkà ní ọdún 1944. Ọkọ kan ń yọ́ lọ sí òkè ilé lálẹ́ láti wá ohun ọ̀ṣọ́ iyebíye. Bó bá tan iná gáàsì lókè, ti ìsàlẹ̀ á dín kù. Ìyàwó rẹ̀ rí i pé iná ń dín kù, ọkọ sì ń sọ fún un pé ojú rẹ̀ ló ń tàn án, títí obìnrin náà fi bẹ̀rẹ̀ sí í rò pé òun ti ń ya wèrè.

Láti inú eré yìí ni ọ̀rọ̀ 'gaslighting' ti wá, èyí tí àwọn ọ̀dọ́ ń lò káàkiri báyìí fún kéèyàn mú kí ẹnì kejì rẹ̀ máa ṣiyèméjì nípa ohun tó fojú ara rẹ̀ rí. Ilé iṣẹ́ ìwé atúmọ̀ èdè Merriam-Webster yan ọ̀rọ̀ náà gẹ́gẹ́ bí ọ̀rọ̀ ọdún 2022. Ọdún yẹn kan náà ni 'The Housemaid' jáde.

Kí ló kan ilẹ̀ wa?

Ní Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà, kò sí ẹni tí wọ́n ní láti ṣàlàyé ohun tí ọmọ ọ̀dọ̀ jẹ́ fún. Ọ̀pọ̀ ilé ńlá ló ní yàrá tiwọn lẹ́yìnkùlé. Nínú ilé mìíràn, ilẹ̀ ilé ìdáná ni wọ́n ń tẹ́ ẹní sí. Ní gúúsù Benin, èdè Fọ̀n ní orúkọ fún ọmọ tí àwọn òbí gbé fún ẹlòmíràn kó bá a gbé: vidomègon. Àṣà ìrànlọ́wọ́ láàárín ẹbí ni níbẹ̀rẹ̀, àmọ́ fún ọ̀pọ̀ ọmọ, ó ti di iṣẹ́ àṣekúdórógbó láìsí owó oṣù.

Ìtàn tí àwa ń sọ fún ara wa nípa ọmọ ọ̀dọ̀ sábà máa ń jẹ́ ti ẹnu ọ̀gá. Nínú ọ̀pọ̀ fíìmù Nàìjíríà, ọmọ ọ̀dọ̀ ló ń gba ọkọ ọ̀gá, òun ló ń jalè, òun ló ń ṣe ọmọ lọ́ṣẹ́. Òǹkàwé tó bá ti wo irú fíìmù bẹ́ẹ̀ dàgbà, tó wá ṣí 'The Housemaid', ti mú ìdájọ́ dání láti ilé: bí kò bá fura sí ìyàwó, á fura sí ọmọ ọ̀dọ̀. Ọkùnrin tó ni ilé ló máa kẹ́yìn tó máa fura sí.

Àmọ́ àwọn kan ní agbègbè yìí ti sọ ìtàn náà láti ẹnu ọmọ ọ̀dọ̀ tipẹ́. Ní ọdún 1966, Ousmane Sembène, ọmọ Senegal, gbé fíìmù 'La Noire de...' jáde. Ìtàn kúkúrú tí òun fúnra rẹ̀ ti kọ tẹ́lẹ̀ ló fi ṣe é, ìròyìn ìṣẹ̀lẹ̀ gidi kan ló sì bí ìtàn kúkúrú náà.

Diouana, ọmọbìnrin láti Dakar, tẹ̀ lé tọkọtaya aláwọ̀ funfun lọ sí Antibes ní ilẹ̀ Faransé. Ó rò pé ọmọ lòun fẹ́ lọ máa tọ́jú, pé òun máa rí ayé. Nígbà tó débẹ̀, oúnjẹ sísè àti ilé gbígbá ló bá, kò sì ríbi kankan lọ. Ilé àwọn ọ̀gá rẹ̀ di ẹ̀wọ̀n fún un, ikú ló sì gbẹ̀yìn rẹ̀. Kò sí ẹni tó fi kọ́kọ́rọ́ tì í mọ́lé. Àìlówó, àìgbédè àti àìmọ̀nà ni kọ́kọ́rọ́ náà.

Ní ọdún 2020, Abi Daré, òǹkọ̀wé ọmọ Yorùbá tó ń gbé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ 'The Girl with the Louding Voice'. Adunni, ọmọ ọdún mẹ́rìnlá, sá kúrò ní ilé ọkọ tí wọ́n fipá fún un, ó sì bá ara rẹ̀ nínú ilé Big Madam ní ìlú Èkó, níbi tí wọ́n ti ń lù ú tí wọn kò sì san owó rẹ̀. Nínú ilé náà, ìbéèrè kan kò jẹ́ kó sinmi: níbo ni Rebecca, ọmọ ọ̀dọ̀ tó wà níbẹ̀ ṣáájú rẹ̀, wọlé sí? Gbogbo ará ilé ni kò fẹ́ dáhùn.

Ìbéèrè Adunni àti ti Millie jọra púpọ̀. Ta ló wà nínú yàrá yìí kí n tó dé, kí ló sì gbé e lọ? Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé ọmọdé ni Adunni, iye àwọn tó bá a dọ́gba nínú ilé wa kò sì kéré.

Kí ni òfin sọ?

Ohun kan tí àwọn òǹkàwé máa ń béèrè ni ìdí tí Nina kò fi lọ bá ọlọ́pàá. Nínú ìwé náà, ìdáhùn wà níbẹ̀: ìwé ilé ìwòsàn ti sọ pé orí rẹ̀ kò pé, ọkọ rẹ̀ sì lówó.

Ní ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, òfin ti ń gbìyànjú láti dé ibi tí ojú kò tó. Ní ọdún 2015, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti Wales sọ ọ́ di ẹ̀ṣẹ̀ kí ọkọ tàbí aya máa fi agbára darí gbogbo ìgbésí ayé ẹnì kejì rẹ̀, bí kò tilẹ̀ fọwọ́ kàn án. Ẹni tí wọ́n bá dá lẹ́bi lè lọ sẹ́wọ̀n ọdún márùn-ún.

Ọdún yẹn kan náà ni Nàìjíríà ṣe òfin VAPP tó lòdì sí ìwà ipá sí ènìyàn. Yàtọ̀ sí lílu ìyàwó tàbí ọkọ, òfin náà ka fífi ọ̀rọ̀ àti ìwà da ọkàn ẹni láàmú sí ẹ̀ṣẹ̀. Ó ka fífipá ya ènìyàn sọ́tọ̀ kúrò lọ́dọ̀ ẹbí àti ọ̀rẹ́ sí ẹ̀ṣẹ̀, bẹ́ẹ̀ náà ni lílé ọkọ tàbí aya jáde nílé tipátipá. Abuja ni òfin náà ti kọ́kọ́ múlẹ̀, ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló sì ń ṣe tirẹ̀.

Òfin mìíràn tí Nàìjíríà ṣe ní ọdún 2015 lórí gbígbé ènìyàn tà sọ pé ẹ̀ṣẹ̀ ni láti gba ọmọ tí kò tíì pé ọdún méjìlá ṣe ọmọ ọ̀dọ̀. Àjọ NAPTIP ló ń mójú tó o.

Ghana ní tirẹ̀ ṣe òfin ìwà ipá abẹ́lé ní ọdún 2007. Òfin náà kò fi mọ sí lọ́kọláya nìkan, ó ka ọmọ ọ̀dọ̀ tó ń gbé inú ilé mọ́ àwọn tó ń dáàbò bò. Ní ọdún 2020, orílẹ̀-èdè náà tún gbé ìlànà jáde pé kí ọmọ ọ̀dọ̀ ní ìwé àdéhùn iṣẹ́.

Àmọ́ gbogbo òfin yìí ló nílò ohun kan kó tó lè ṣiṣẹ́: kí ẹnìkan gba ẹni tó wà nínú ilé gbọ́ nígbà tó bá sọ̀rọ̀.

Ṣé ìdájọ́ òdodo ni òpin ìwé náà?

Ibi tí àríyànjiyàn ti le jù nìyí. Millie kò pe ọlọ́pàá. Ó fi ìyà tí Andrew fi jẹ ẹlòmíràn jẹ òun náà, ó tún fi kún un: ó ní kí ó fi ẹ̀mú yọ eyín ara rẹ̀. Nina padà wá, ó sì gbèjà Millie. Ọlọ́pàá tó ń wádìí ọ̀rọ̀ náà ní ọmọbìnrin kan tó ti fẹ́ di ìyàwó Andrew rí, ó sì mọ ohun tí ojú ọmọ òun rí. Ó jẹ́ kí wọ́n kọ ọ́ pé ìjàǹbá ló pa á.

Àwọn òǹkàwé kan ní èyí tẹ́ àwọn lọ́rùn. Wọ́n ní láyé gidi, irú Andrew sábà máa ń mú un jẹ, nítorí náà ó dára kí ìtàn kan wà tó fi ìyà jẹ irú rẹ̀.

Àwọn mìíràn ní ìwé náà sọ ìyà obìnrin di ohun ìgbádùn, tó sì wá fi ẹ̀san bo gbogbo rẹ̀ mọ́lẹ̀. Wọ́n ní ẹni tó ń gbé irú ilé bẹ́ẹ̀ lónìí kò rí ọ̀nà àbájáde kankan níbẹ̀. Pé kó rí ẹlòmíràn fi dí ipò rẹ̀, tàbí kó pa ọkọ rẹ̀, kì í ṣe ọ̀nà.

Ẹ̀yìn méjèèjì ní òótọ́ nínú. Ìwé ìtàn kì í ṣe ìwé ìtọ́nisọ́nà, kò sì yẹ kéèyàn wá ọ̀nà àbáyọ gidi síbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìwé yìí kò fi bò pé ìkà máa ń bí ìkà. Níbi ìsìnkú Andrew, ìyá rẹ̀ rí i pé eyín ọmọ òun ti yọ. Dípò kó bú sẹ́kún, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ nípa bí ó ti yẹ kí ènìyàn máa tọ́jú eyín rẹ̀, àti bí ìyà ṣe tọ́ sí ẹni tí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀. Níbẹ̀ ni òǹkàwé ti mọ ibi tí Andrew ti kọ́ ọgbọ́n fífi ìyà jẹni nítorí ohun kékeré.

Fíìmù ọdún 2025 yí àwọn nǹkan kan padà ní òpin ìtàn náà, ìyẹn sì tún ti dá iyàn mìíràn sílẹ̀ láàárín àwọn tó ka ìwé àti àwọn tó wo fíìmù.

Bí iyàn náà ṣe wù kó le tó, ohun kan wà tí tọ̀tún tòsì kò lè sẹ́. Ní ìdajì àkọ́kọ́ ìwé yẹn, àmì wà níbi gbogbo: ilẹ̀kùn tó jẹ́ ìta ni wọ́n ti ń tì í, ojú èékánná lára igi, ará Italy tó ń pariwo ewu, obìnrin tí kò dúró lójú kan. Gbogbo òǹkàwé ló rí wọn. Wọ́n kàn gbà pé àìsàn ìyàwó ilé ló fà á.

Nínú ìwé, ojú ìwé tó kàn ló ń tún irú àṣìṣe bẹ́ẹ̀ ṣe. Nínú ilé tó wà ní òdìkejì ọ̀nà, àfi kí ẹnìkan kan ilẹ̀kùn, kó béèrè, kó sì dúró gbọ́ èsì lẹ́nu ẹni tí wọ́n ní orí rẹ̀ kò pé.